Kí Màmá Má Tíì Fọwọ́ Sí Ìwé Kankan

Ìbàdàn,
Oṣù Kẹta, 2025.

Bọ́lá ọ̀rẹ́ mi,

O kú àìfararọ. Mo rí Màmá lánàá. Ara wọn ti ń balẹ̀, wọ́n sì jẹ àmàlà díẹ̀. Egungun ojúgun ọ̀tún ló kán, dókítà ti fi irin sí i.

Ohun tó jẹ́ kí n kọ̀wé kíákíá nìyí: àwọn ará ilé dẹ́rẹ́bà tó gbá wọn ti wá bẹ̀bẹ̀. Wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja, wọ́n gbé ₦200,000 kalẹ̀ pẹ̀lú ìwé kan pé kí Màmá fọwọ́ sí i pé ọ̀rọ̀ ti parí. Ẹ̀gbọ́n rẹ ní ká gbà á, pé iṣẹ́ èṣù ni. Jọ̀wọ́, pè é lónìí. Kí Màmá dárí ji dẹ́rẹ́bà náà, ó dára, ṣùgbọ́n ìyẹn ò ní kí wọ́n má gba ẹ̀tọ́ wọn.

Mọ́tò náà ní ìńṣọ́ránsì third party, èyí tó ń san owó fún ẹlòmíì tí ọkọ̀ náà bá ṣe léṣe. Mo tẹ *565*11# lórí fóònù, mo fi nọ́ńbà ọkọ̀ náà wò ó, kò tíì kásẹ̀ nílẹ̀. Ọ̀pọ̀ wa gbà pé torí ọlọ́pàá la ṣe ń rà á, pàápàá látìgbà tí wọ́n ti ń dá ọkọ̀ dúró lórí rẹ̀ láti ọjọ́ kìíní oṣù tó kọjá. Bẹ́ẹ̀, nítorí irú Màmá, tó ń lọ jẹ́jẹ́ tí mọ́tò fi gbá a, ni òfin tó sọ ọ́ di dandan fi wà tipẹ́. ₦15,000 ni onímọ́tò ayọ́kẹ́lẹ́ ń san lọ́dún. Tó bá jẹ́ dúkìá ẹlòmíì ló bàjẹ́, ilé iṣẹ́ ìńṣọ́ránsì ò ní san ju mílíọ̀nù mẹ́ta náírà lọ. Tó bá jẹ́ èèyàn ló fara pa tàbí tó kú, òfin ò fi iye kankan dí i.

Ṣùgbọ́n wọn ò ní san ohun tí a ò bá ní ẹ̀rí rẹ̀. Mo ti ń kó rísíìtì oògùn àti ti ẹ́síréè jọ. Ọ̀rọ̀ owó ọjà tí Màmá ń pàdánù ló kọ́kọ́ dà mí láàmú. Màmá ti ń ta èlùbọ́ ní Bódìjà tipẹ́, wọn ò sì kọ nǹkan kan sílẹ̀ rí. Báwo la ṣe fẹ́ fi hàn pé owó gidi ló ń wọlé fún wọn? Wọ́n wá ní kí n bá wọn mú ìgò ojú wọn nínú báàgì, ni mo bá rí káàdì àjọ: ₦2,000 lójoojúmọ́, àmì alájọ tò lọ rẹrẹ títí di ọjọ́ tí mọ́tò gbá wọn, àwọn ojú ilà tó kù sì ṣófo. Mo ya fọ́tò rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Alájọ ní òun á jẹ́rìí. Ẹni tó ń dá ẹgbẹ̀rún méjì lójúmọ́, èrè rẹ̀ ní láti ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ìrora tí wọ́n ń jẹ náà ní owó tiẹ̀ lábẹ́ òfin, àti bí ẹsẹ̀ ò bá padà bọ̀ sípò. Ìdí tí mi ò fi fẹ́ ká kánjú nìyẹn. Dókítà ò tíì lè sọ bóyá wọ́n á lè jókòó sórí àpótí wọn lọ́jà mọ́. Bí a bá parí ọ̀rọ̀ báyìí, tí dókítà wá ní kí Màmá tún ṣe iṣẹ́ abẹ lọ́dún tó ń bọ̀, ta ló máa san án?

Bó bá di kóòtù, lọ́yà gbọ́dọ̀ fi tó ilé iṣẹ́ ìńṣọ́ránsì náà létí kí ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀, tàbí láàárín ọjọ́ méje lẹ́yìn tó bá bẹ̀rẹ̀. Tí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, wọ́n á ríbi yọ́ jáde. Bí wọ́n bá sì ń fi falẹ̀, a ó fẹjọ́ wọn sun NAICOM, àjọ ìjọba tó ń bójú tó àwọn ilé iṣẹ́ ìńṣọ́ránsì.

Fi ẹ̀rí owó tí o fi ránṣẹ́ sí ọsibítù ránṣẹ́ sí mi, kí orúkọ ọsibítù hàn nínú rẹ̀ ketekete. Èmi á lọ gba ìwé ọlọ́pàá lọ́jọ́ Mọ́ńdè. Màmá ní kí n kí ọ, wọ́n ní kí o má tíì máa wá tíkẹ́ẹ̀tì bàálù o.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ,
Fúnmi