Lẹ́tà sí Mesut Özil, ẹni tí mo pè ní ọ̀lẹ

Mesut,

Mo fi bí ọdún mẹ́jọ jù ọ́ lọ, ìyẹn ni n kò ṣe pè ọ́ ní "ẹ". Má bínú, bí a ṣe ń ṣe é nílé wa nìyẹn. O kò mọ̀ mí rí, ṣùgbọ́n ìjà ti wà láàárín àwa méjèèjì. Ní alẹ́ ọjọ́ 19 oṣù Kejì ọdún 2014, mo wà ní ilé ìwòran bọ́ọ̀lù kan ní Ìbàdàn, jẹnẹrétọ̀ ń pariwo lẹ́yìn wa, ìwọ gbé bọ́ọ̀lù kalẹ̀ láti gbá pẹ́nárítì sí Bayern Munich. Eré kò tíì pé ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Neuer, aṣọ́lé wọn, na ọwọ́ kan ṣoṣo sókè, ó gbá a dànù. Inú bí mi, mo ta bẹ́ńṣì tó wà níwájú mi nípàá, ẹsẹ̀ rẹ̀ kán, ẹni tó ni ilé sì ní n kò gbọdọ̀ jáde láìsanwó. Bayern fi 2-0 lu Arsenal wa lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Toni Kroos, ọmọ Jámánì ẹlẹgbẹ́ rẹ, ló gbá àkọ́kọ́ wọlé. Láti ìgbà náà ni mo ti ń sọ fún ẹnikẹ́ni tó bá dúró gbọ́ pé Özil jẹ mí lówó bẹ́ńṣì, àti pé ọ̀lẹ ni.

Ọ̀rọ̀ "ọ̀lẹ" yẹn ni mo torí ẹ̀ kọ̀wé.

O mọ irú ayọ̀ tí a fi gbà ọ́? Ọjọ́ 2 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2013 ni Arsenal rà ọ́ lọ́wọ́ Real Madrid ní mílíọ̀nù 42.5 pọ́n-ùn. Arsenal kan náà, níbi tí Wenger, olùkọ́ wa, ti máa ń ṣọ́ owó bí ìyá alájọ! Láti 2005 ni a kò ti rí ife kankan gbé. Àwọn olólùfẹ́ Chelsea àdúgbò ti sọ wá di ẹni à ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ lówùúrọ̀ Ajé. O dé pápá Sunderland fún eré àkọ́kọ́ rẹ, ní ìṣẹ́jú kọkànlá o ti gbé bọ́ọ̀lù fún Giroud, ó ti wọlé. Mo ra jẹ́ésì rẹ ní ọ̀sẹ̀ yẹn, nọ́ńbà 11. Àwọn tó tà á kọ orúkọ rẹ láìsí àmì tóótòòtó méjì orí O yẹn, ṣùgbọ́n mo wọ̀ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ìrìn rẹ ni mo ń pè ní ọ̀lẹ. Èjìká rẹ á wọlẹ̀, ojú rẹ á dà bí ti ẹni tí oorun ń kùn. Lọ́dọ̀ wa, òṣìṣẹ́ gbọ́dọ̀ làágùn kí ọ̀gá rẹ̀ rí i. Ẹni tó bá sáré tẹ̀lé bọ́ọ̀lù tí kò lè bá láéláé, a ó pàtẹ́wọ́ fún un. Ìwọ kì í sá irú eré bẹ́ẹ̀. Ibi tí bọ́ọ̀lù ń bọ̀ wá dé ni ìwọ ti ń rìn lọ jẹ́jẹ́, kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀ pé ibẹ̀ ló ń bọ̀. Ní sáà 2015 sí 2016, bọ́ọ̀lù 19 tí o gbé fún ẹlòmíràn nínú líìgì ló di gólì, ó ku ẹyọ kan kí o bá Thierry Henry, ẹni tó ti ṣe é jù lọ ní sáà kan nígbà náà, dọ́gba. Ká ní àwọn tó wà níwájú rẹ mú èyí tó kù wọlé ni… jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀.

Gólì Ludogorets nìkan ni mo fẹ́ sọ. Ọjọ́ 1 oṣù Kọkànlá ọdún 2016, ní Bulgaria, wọ́n ti kọ́kọ́ gbá méjì sí wa, a ti san án padà, ó di 2-2, eré ti fẹ́ parí. Elneny ju bọ́ọ̀lù gígùn sí ọ. O gbé e gba orí aṣọ́lé. Ẹlòmíràn ì bá ti gbá a sínú àwọ̀n lójú ẹsẹ̀. Ìwọ dúró. O díbọ́n bí ẹni tó fẹ́ gbá a, àwọn méjì tó ń sáré bọ̀ fi ìdí wọ́ ilẹ̀ kọjá lọ, o wá rọra tì í wọlé bí ẹni tó ń ti ilẹ̀kùn yàrá tí ọmọ ń sùn sí. Ọ̀lẹ kọ́ ló ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹni tí kò bẹ̀rù ni.

Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í wá ìtàn rẹ kiri. Gelsenkirchen, ìlú èédú, níbi tí ìran rẹ bá iṣẹ́ dé láti ẹkùn Zonguldak ní Tọ́kì, tí òun náà jẹ́ ibi ìwakùsà èédú. Pápá kékeré tí wọ́n fi wáyà yí ká, tí àwọn ará àdúgbò ń pè ní àgò ọ̀bọ, ibẹ̀ lo ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń yọ ara láàárín èrò. Lẹ́yìn náà Schalke, Bremen, Madrid. Ṣùgbọ́n ọjọ́ kan wà tí n kò lè gbé kúrò lọ́kàn: ọjọ́ 8 oṣù Kẹwàá ọdún 2010, Jámánì àti Tọ́kì ní Berlin. Àwọn ọmọ Tọ́kì tó kún pápá ń súfèé sí ọ ní gbogbo ìgbà tí bọ́ọ̀lù bá kàn ọ́, nítorí pé o yan Jámánì. O gbá bọ́ọ̀lù wọlé, o kò sì jó.

Ọdún mẹ́jọ lẹ́yìn ìyẹn, Jámánì náà ṣe tirẹ̀ sí ọ. Fọ́tò tí ìwọ àti Erdoğan, Ààrẹ Tọ́kì, yà ní London ní 2018, n kò gbè ọ́ lẹ́yìn lórí ẹ̀. Ẹni tí àwọn akọ̀ròyìn wà lẹ́wọ̀n lábẹ́ ìjọba rẹ̀, kí lo ń bá a rẹ́rìn-ín fún? Ṣùgbọ́n ṣé fọ́tò ló jẹ́ kí South Korea gbá méjì sí Jámánì ní Ife Àgbáyé? Ní ọjọ́ 22 oṣù Keje o kọ̀wé pé o kò gbá bọ́ọ̀lù fún Jámánì mọ́, pé bí ẹ bá borí, ọmọ Jámánì ni ọ́, bí ẹ bá pàdánù, àtọ̀húnrìnwá ni ọ́. Eré 92 lo ti gbá fún wọn, ife àgbáyé 2014 wà nínú ẹ̀. Ìyá mi ní ọ̀rọ̀ fún irú èyí: ọmọ tó bá dáa, ti bàbá ni, èyí tí kò bá dáa, ti ìyá ẹ̀ ni.

Síbẹ̀, kò tíì dùn mí dé egungun nígbà náà. Ọjọ́ 11 oṣù Keje ọdún 2021 ló tó dùn mí. Bukayo Saka, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí London, ọmọ ọdún 19, gbá pẹ́nárítì fún England, kò wọlé, èébú sì bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, tó ń gbé ní Peckham, pè mí lórí fóònù. Ó ní, "Àǹkù, ṣé Saka kì í ṣe ọmọ England mọ́ ni?" Mo ṣí ẹnu, n kò rí nǹkan sọ. Ìwọ ni mo rántí, àti bẹ́ńṣì.

Nígbà náà o ti kúrò ní Arsenal. Eré rẹ tó kẹ́yìn fún wa ni ti West Ham, oṣù Kẹta ọdún 2020. Nígbà tó di oṣù Kẹwàá, wọ́n ti yọ ọ́ kúrò nínú ìwé líìgì. Oṣù yẹn kan náà lo ní ìwọ ló máa san owó oṣù ẹni tó ń wọ aṣọ Gunnersaurus, ẹranko tó ń dá àwọn olólùfẹ́ Arsenal lára yá ní pápá, tí wọ́n fẹ́ dá dúró. Mo rẹ́rìn-ín, ojú sì tì mí.

O lọ sí Fenerbahçe ní Tọ́kì, o wọ 67, nọ́ńbà tó wà lára ọkọ̀ àwọn ará Zonguldak, lẹ́yìn náà o lọ sí Başakşehir, ibẹ̀ lo wà títí o fi fi bọ́ọ̀lù sílẹ̀ ní oṣù Kẹta ọdún 2023. Mo fẹ́ bi ọ́: nígbà tí o wọ 67 yẹn, ṣé o dé ilé, àbí wọ́n ń pè ọ́ ní ará Jámánì níbẹ̀?

Ẹgbẹ̀rún méjì àbọ̀ náírà ni owó bẹ́ńṣì. Mo ti fagi lé e.

Èmi ni,
oníjẹ́ésì 11, Ìbàdàn.