Lọ́yà ló pa kóòtù jẹ, oníbàárà ló pàdánù ẹjọ́

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn. Ọ̀rọ̀ ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn tí adájọ́ ń dà nù torí pé ẹni tó pè é kò yọjú ni mo fẹ́ dá sí.

Àwọn tó ń bínú sí adájọ́ máa ń ní a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n orí tí à ń wí yìí, wọ́n ti fá a ní kóòtù àkọ́kọ́. Olórí fúnra rẹ̀ ló ní fífá náà kò tẹ́ òun lọ́rùn, kí wọ́n tún un fá. Bó bá wá di ọjọ́ àtúnfá tí kò wá, kí ni kí afárí ṣe? Ẹni tó jàre ní ìsàlẹ̀ náà ṣì ń dúró, ohun tí wọ́n dá fún un lè máà tíì tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. N kò bá adájọ́ jà níbẹ̀.

Ti lọ́yà ló ń dùn mí. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin pe irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ rí. Lọ́yà rẹ̀ ní kó jókòó sílé, pé àlàyé òfin nìkan ló kù, ẹnikẹ́ni kò ní bi í léèrè nǹkan kan. Ó sì jókòó. Lọ́jọ́ náà, akọ̀wé kóòtù pe orúkọ lẹ́ẹ̀mẹta, lọ́yà kò sí níbẹ̀, wọ́n bá da ẹjọ́ nù. Oṣù kan ààbọ̀ kọjá kí ẹ̀gbọ́n mi tó gbọ́, ẹnu alátakò rẹ̀ ló sì ti gbọ́ ọ. (Títí dòní, lọ́yà náà kò tọrọ àforíjì.)

Irú rẹ̀ gan-an dé iwájú Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní Íńdíà lọ́dún 1981. Àwọn adájọ́ ní ẹni tó ti gba lọ́yà, tó sì fọkàn tán an, ti ṣe ojúṣe tirẹ̀, kò yẹ kó jìyà ẹ̀ṣẹ̀ ẹlòmíràn. Wọ́n ní kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́, kí wọ́n sì gba 200 rúpì owó ìnáwó ẹjọ́ lọ́wọ́ lọ́yà tó pa kóòtù jẹ. Owó kékeré ni, ṣùgbọ́n àpò tó yẹ ni wọ́n ní kó ti jáde.

Ọ̀pọ̀ kò mọ̀ pé bí wọ́n bá da ẹjọ́ nù torí àìyọjú, kì í ṣe pé wọ́n ti dá ọ lẹ́bi. Ní Íńdíà kan náà, àtúnṣe òfin ọdún 1976 sọ ọ́ kedere pé, nínú ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn tí kì í ṣe ti ọ̀daràn, adájọ́ kò lè torí pé ẹni tó pè é kò wá kó pinnu ẹni tó jàre. Èèyàn lè padà lọ bẹ̀bẹ̀. Nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ohun mẹ́ta ni wọ́n ń bi ẹni tí kò wá sí ìgbẹ́jọ́: ṣé kíá ló padà wá lẹ́yìn tó gbọ́, ṣé ìdí tó fi pa á jẹ nítumọ̀, ṣé ẹjọ́ rẹ̀ ní ẹsẹ̀ tó lè dúró lé. Àmọ́ báwo ni ẹni tí kò gbọ́ nǹkan kan yóò ṣe padà wá ní kíá?

Kí kóòtù máa gba nọ́ńbà fóònù oníẹjọ́ lọ́jọ́ tó bá pe ẹjọ́. Bí wọ́n bá da ẹjọ́ nù, kí àtẹ̀jíṣẹ́ kan lọ lọ́jọ́ náà gan-an: wọ́n ti da ẹjọ́ rẹ nù, iye ọjọ́ báyìí lo ní láti fi padà wá. Sí oníẹjọ́ fúnra rẹ̀ ni o, kì í ṣe sí lọ́yà tó sá.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín