Ọdún Mẹ́fà Kéré fún Aṣòfin

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Mo ka lẹ́tà ẹni tó ní kí òfin fi gbèdéke sí iye sáà táwọn aṣòfin ìpínlẹ̀ wa ní Nàìjíríà lè lò, bó ṣe fún gómìnà ní méjì péré. Ohun tó ń dùn ún ń dun èmi náà. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ti ìpínlẹ̀ Michigan ní Amẹ́ríkà, tí ilé aṣòfin rẹ̀ jẹ́ méjì, ti àwọn aṣojú àti ti àwọn sẹ́nétọ̀, níbi tí mò ń gbé.

Lọ́dún 1992, àwọn olùdìbò ibẹ̀ fọwọ́ sí i pé ọdún 6 ni aṣojú yóò lò, ọdún 8 ni ti sẹ́nétọ̀. Tó bá ti lò ó tán, kò gbọdọ̀ padà síbẹ̀ láéláé. Nígbà ìdìbò 1998, ó lé ní ìdajì nínú aṣojú 110 tí òfin ní kí wọ́n máa lọ sílé. Ta ló wá kù tó mọ bí wọ́n ṣe ń tú bọ́jẹ́ẹ̀tì palẹ̀? Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ni, àtàwọn tí ilé iṣẹ́ ńláńlá ń sanwó fún láti máa fa aṣòfin lójú mọ́ra. Àwọn yẹn kò ní sáà! Kí aṣòfin tó mọ ọ̀nà dáadáa, ó ti ń wá ipò míì kiri.

Ọdún 2022 ni wọ́n tó tún un ṣe: ọdún 12 lápapọ̀, yálà nílé aṣòfin kan tàbí ní méjèèjì. Èyí ni mo fara mọ́. Bí a óò bá ṣe tiwa, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ ká ti orí 6 bẹ̀rẹ̀.

Òǹkàwé yín ní Detroit