Kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ ló ń ta géèmù oníidà

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn o. Gbogbo ìgbà tí géèmù ìjà oníidà kan bá tà wàràwàrà lókè òkun, àlàyé kan ṣoṣo làwọn àgbà máa ń ṣe fún wa: ẹ̀jẹ̀ làwọn ọmọ ìwòyí fẹ́ràn. Àwa tí a ní ilé géèmù àti àwa tí a ń tún pádì (ohun tí wọ́n ń dì mú lọ́wọ́ láti fi ṣe géèmù) ṣe ní Abẹ́òkúta, láti Láfẹ́nwá dé Ọbáńtókò, ń kọ lẹ́tà yìí láti sọ pé àlàyé náà kò tọ̀nà. Ohun tó burú níbẹ̀ ni pé ó ń kó àwọn tó ń fi géèmù jẹun sí gbèsè, torí wọ́n ń ra ọjà láìmọ ohun tí oníbàárà ń san owó lé lórí.

Géèmù tí à ń wí ni èyí tí àwọn tó ń ṣe é ń pè ní hack-and-slash. Akọni kan ni, idà tàbí àáké wà lọ́wọ́ rẹ̀, ọ̀tá mẹ́wàá tàbí ọgọ́rùn-ún dúró níwájú, ẹ ó sì máa ṣá wọn lọ títí ilẹ̀kùn tó kàn yóò fi ṣí. Diablo, Devil May Cry, God of War, Dynasty Warriors, ẹbí kan náà ni gbogbo wọn bó tilẹ̀ jẹ́ pé ojú wọn kò jọra. Ọjà wọn kì í ṣe kékeré. Diablo III jáde ní ọjọ́ 15 oṣù karùn-ún ọdún 2012. Láàárín wákàtí 24, ó ti ta ju mílíọ̀nù 3.5 lọ. God of War Ragnarök ta mílíọ̀nù 5.1 ní ọ̀sẹ̀ kan péré ní oṣù kọkànlá ọdún 2022. Black Myth: Wukong tí àwọn ará Ṣáínà ṣe jáde ní ọjọ́ 20 oṣù kẹjọ ọdún 2024, ó sì ta mílíọ̀nù 10 láàárín ọjọ́ 3. Kí wọ́n kó gbogbo ará Abẹ́òkúta jọ, tọmọdé tàgbà, kí wọ́n fún ẹnìkọ̀ọ̀kan ní ẹyọ kan, yóò ṣẹ́kù rẹpẹtẹ. A ò tíì ka ti wa mọ́ ọn o: díìsì tòkúnbọ̀ tó ń ti ọwọ́ kan bọ́ sí òmíràn ní ìlú yìí, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni iléeṣẹ́ tó ṣe é kà á.

Tó bá jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ló ń tà á, kí la máa sọ nípa Hyrule Warriors: Age of Calamity? Ẹ̀kán ẹ̀jẹ̀ kan ò sí níbẹ̀. Ọ̀tá tó bá kú kàn ń pòórá bí èéfín ni. Síbẹ̀, nígbà tó jáde ní ọdún 2020, ọ̀sẹ̀ kan kò pé tó fi dé mílíọ̀nù 3. Ẹ wá wo Babylon's Fall. Iléeṣẹ́ PlatinumGames ló ṣe é, àwọn kan náà tó ṣe Nier: Automata tó ta ju mílíọ̀nù 8 lọ. Idà pọ̀ níbẹ̀ bí ewé. Ó jáde ní ọjọ́ 3 oṣù kẹta ọdún 2022, wọ́n sì ti ilẹ̀kùn rẹ̀ ní ọjọ́ 27 oṣù kejì ọdún 2023. Kò lo ọdún kan.

Bí idà ṣe ń jẹ́ lọ́wọ́ ni oníbàárà ń rà. Ẹ lọ wo alápatà ní Láfẹ́nwá. Bí àdá rẹ̀ bá bà lé egungun, kì í fò padà lójú ẹsẹ̀. Ó máa ń há díẹ̀, apá rẹ̀ á dúró, kó tó fà á yọ. Ìdúró kékeré yẹn ló ń sọ fún ẹni tó ń wò pé egungun ni wọ́n ṣá, kì í ṣe ẹ̀dọ̀. Ìdúró yìí gan-an làwọn tó mọ géèmù oníidà ṣe máa ń fi sínú iṣẹ́ wọn. Àwòrán 60 ló ń kọjá lójú tẹlifíṣàn ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ìyẹn ni pé ọ̀kọ̀ọ̀kan ò ju mílísẹ́kọ́ńdì 16.7 lọ. Bí idà bá ba ọ̀tá, géèmù á dá àkọni àti ọ̀tá dúró gbári fún bí àwòrán 3 sí 10, á sì tú wọn sílẹ̀. Ojú lè má rí i, ọwọ́ á mọ̀ ọ́n. Bó bá kéré jù, á dà bíi pé ìgbálẹ̀ lẹ fi ń gbá afẹ́fẹ́. Bó bá pọ̀ jù, ẹ ó rò pé ẹ̀rọ ń há.

Ẹ̀tàn kejì wà nínú bọ́tìnnì. Ọmọ tó bá ń jà kì í dúró kí ṣíṣá kan parí kó tó tẹ òmíràn. Géèmù tó dára á tọ́jú títẹ̀ yẹn pamọ́ fún ìgbà díẹ̀, á sì lò ó ní kété tí àyè bá ṣí. Èyí tí kò dára á sọ ọ́ nù, ni ọmọ á bá bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo pé pádì ti bàjẹ́. Àwọn pádì kan tí wọ́n ń gbé wá fún àtúnṣe, ara wọn le koko. Géèmù ló ṣàìsàn.

Ẹ má rò pé ọgbọ́n yìí ti ọ̀run já bọ́. Nígbà tí Hideki Kamiya, ẹni tó darí iṣẹ́ náà, àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní iléeṣẹ́ Capcom ń ṣe Devil May Cry, tó jáde ní ọdún 2001, Resident Evil 4, ọ̀kan nínú àwọn géèmù adẹ́rùbani wọn, ni wọ́n kọ́kọ́ pè é kí ó tó yà kúrò lọ́nà. Ṣíṣá ọ̀tá sókè kó má lè balẹ̀, tó wá di àmì ìdánimọ̀ géèmù náà, inú àṣìṣe ló ti wá: nínú Onimusha, géèmù míì tí iléeṣẹ́ kan náà ń ṣe nígbà yẹn, àbùkù kan ń jẹ́ kí idà gbé ọ̀tá dúró sójú òfuurufú. Àwọn yòókù rí àbùkù. Kamiya rí ọjà.

Diablo III tiẹ̀ kọ́ wa lẹ́kọ̀ọ́ míì. Adùn irú géèmù yẹn ni pé ẹni tó bá pa ọ̀tá ló máa ń rí ohun ìjà he, èyí tó dára sì ṣọ̀wọ́n. Wọ́n wá ṣí ọjà sínú rẹ̀, níbi tí èèyàn ti lè fi owó gidi ra ohun ìjà náà. Ta ni yóò tún máa ṣá ọ̀tá ní gbogbo òru nígbà tó lè rà á? Àwọn tó ṣe géèmù náà fúnra wọn ló ti ọjà ọ̀hún pa ní ọjọ́ 18 oṣù kẹta ọdún 2014. Ọjà tó ń pa ọjà ni.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ ṣọ́ọ̀bù wa níhìn-ín. Onílé géèmù tó bá gbọ́ pé nǹkan ta mílíọ̀nù 10, tó sáré ra díìsì rẹ̀, tó wá ń gba owó bí ẹni tó ń gba ti bọ́ọ̀lù, yóò jẹ gbèsè ni. Géèmù bọ́ọ̀lù kan, pẹ̀lú ìdajì oníṣẹ́jú 6, kì í ju bí ìṣẹ́jú 15 lọ. Ẹni méjì ló ń jókòó, ẹni tó fìdí rẹmi máa ń sanwó, ẹlòmíì sì ti ń dúró lẹ́yìn. Géèmù oníidà, ẹnì kan ló ń jókòó, kò sì sí ìgbà tí "ìdíje" parí. Ìṣẹ́jú 30, 30 ni kí ẹ máa gbà, kí ẹ sì gbé aago sójú ìta. Devil May Cry 5 gba bíi wákàtí 12 láti parí ìtàn rẹ̀. Ìjókòó 24 nìyẹn lórí oníbàárà kan ṣoṣo, bó bá ń padà wá.

Kí ló máa mú un padà wá? Ibi tó dé ni. Bí ẹlòmíì bá fi tirẹ̀ bo ibi tó dé mọ́lẹ̀, ẹ ti pàdánù rẹ̀. PS4, ẹ̀rọ géèmù tí ọ̀pọ̀ wa ń lò, gba orúkọ oníbàárà 16 lórí ẹ̀rọ kan. Ẹ ṣí orúkọ fún àwọn tó ń wá déédéé, ẹ fi bébà kan sílẹ̀ tí ẹ kọ nọ́ńbà kálukú sí. Ẹ má fi orúkọ kan ṣoṣo ṣe gbogbo ayé. Àbùkù tó ń lé oníbàárà lọ jù lọ nìyẹn, kò sì ná èèyàn ní kọ́bọ̀.

Tẹlifíṣàn náà ń ṣe ìpalára. Èyí tó ń tún àwòrán ṣe kó tó gbé e jáde lè fi bíi mílísẹ́kọ́ńdì 100 pẹ́, ìyẹn àwòrán 6 gbáko. Ní bọ́ọ̀lù, ẹ lè fara dà á. Ní géèmù oníidà, ọ̀tá á ti gé oníbàárà yín kó tó rí i pé ó gbé ọwọ́ sókè. Ẹ wọ inú ìṣètò tẹlifíṣàn, ẹ yí àwòrán sí Game Mode. Tí kò bá ní in, ẹ fi bọ́ọ̀lù sí orí ìyẹn.

Pádì ni ibi tí owó ti ń jò jù. Bọ́tìnnì onígun mẹ́rin ni wọ́n fi ń ṣá nínú ọ̀pọ̀ rẹ̀, òun ló sì máa ń kọ́kọ́ kú. Lórí pádì PS4, ẹ tú síkúrù 4 tó wà lẹ́yìn, ẹ ṣí i pẹ̀lẹ́ nítorí wáyà pẹlẹbẹ kan so ẹ̀yìn mọ́ iwájú. Ẹ yọ bátìrì kí irin yín tó kan nǹkan kan, kí ẹ sì fi ìka di L2 àti R2, bọ́tìnnì méjì tó wà ní èjìká pádì, mú, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ sípíríǹgì wọn á fò, ẹ ó sì máa fi tọ́ọ̀ṣì wá a lábẹ́ àga. Bó bá jẹ́ bọ́tìnnì kan ṣoṣo ni kò jẹ́, rọ́bà abẹ́ rẹ̀ ló jẹ: ẹ pààrọ̀ rọ́bà. Bó bá jẹ́ mẹ́ta mẹ́rin ló kú lẹ́ẹ̀kan náà, tàbí tí wọ́n ń tẹ ara wọn, ẹ má ra rọ́bà rárá. Fóòmù kékeré tó ń ti fíìmù (ike fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tó wà lábẹ́ àwọn bọ́tìnnì) mọ́ bọ́ọ̀dù ló ti rọ̀. Ẹ fi tuntun sí i. Fíìmù pádì àkọ́kọ́ kò bá ti èyí tó jáde lẹ́yìn mu; ẹ wo nọ́ńbà tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú JDM lórí bọ́ọ̀dù kí ẹ tó lọ rajà. Alcohol isopropyl tó jẹ́ 90% sókè ni kí ẹ fi nu fíìmù. Ẹ̀yin tí ẹ ń fi bẹntiróòlù fọ̀ ọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jáwọ́. Ó ń jẹ ike.

Ti iná ńkọ́? PS4 Slim àti tẹlifíṣàn LED oní-32 ń jẹ bíi wọ́ọ̀tì 140. Bátìrì 12V oní-200Ah ní 2400 wọ́ọ̀tì-wákàtí nínú, ṣùgbọ́n ẹ má lò ju ìdajì lọ bí ẹ bá fẹ́ kó pẹ́. Ẹ yọ bíi 15% tí ínfátà fúnra rẹ̀ ń jẹ kúrò, ó ku bíi 1020. Wákàtí 7 nìyẹn fún ìjókòó kan, 3 àti ààbọ̀ fún méjì. PS5 ń jẹ tó wọ́ọ̀tì 200 láìka tẹlifíṣàn, torí náà ẹ fojú sí wákàtí 4. Bí ínfátà yín bá ní ipò UPS, ẹ yí i síbẹ̀, kí ẹ̀rọ má baà kú nígbà tí iná bá ń yí padà. Géèmù oníidà máa ń tọ́jú ibi tí èèyàn dé láìsọ fún ẹnikẹ́ni, iná tó bá lọ ní àárín ìyẹn lè ba gbogbo rẹ̀ jẹ́. Bí PS4 kò bá wá padà dáadáa, ẹ tẹ bọ́tìnnì agbára rẹ̀ mọ́lẹ̀ títí ẹ ó fi gbọ́ ìró kejì, bíi ìṣẹ́jú àáyá 7. Ẹ fi wáyà USB so pádì mọ́ ọn, ẹ mú nọ́ńbà 5, Rebuild Database, èyí tó ń tún àkọsílẹ̀ inú ẹ̀rọ tò. Wáyà tó ń gba iná nìkan kò ní ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Nọ́ńbà 6 àti 7, ẹ má fọwọ́ kàn án láìmọ̀, wọ́n ń nu nǹkan dànù ni.

Ọ̀rọ̀ díẹ̀ fún àwọn ọ̀dọ́ ìlú wa tó ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe géèmù. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo wọn ló fẹ́ bẹ̀rẹ̀ láti orí ogun Dàhòmì ọdún 1864: ọgọ́rùn-ún obìnrin ológun tó ń rọ́ bọ̀ wá sí odi Abẹ́òkúta, Olúmọ lẹ́yìn. Ìtàn náà dùn, a ò jiyàn. Ṣùgbọ́n lórí fóònù olówó pọ́ọ́kú, ọgọ́rùn-ún ọ̀tá á fa àwòrán 60 wá sí 20, àwòrán kan á wá gba mílísẹ́kọ́ńdì 50, ìdúró idà tí a sọ lẹ́ẹ̀kan á sì ṣòfò. Yàrá kan, idà kan, ọ̀tá kan tó rí bí àpótí lásán ni kí wọ́n fi oṣù àkọ́kọ́ ṣe. Godot, ètò kọ̀ǹpútà tí wọ́n fi ń ṣe géèmù, wà lọ́fẹ̀ẹ́. Kí wọ́n pa ohùn rẹ̀, kí wọ́n gbé e fún ẹni tí kò mọ̀ wọ́n rí. Bó bá ń ṣá àpótí náà lẹ́yìn ìṣẹ́jú 5 láìsí ẹni tó ní kó ṣe bẹ́ẹ̀, kí wọ́n wá pe àwọn Dàhòmì. Kiro'o Games ní Yaoundé, ní Kamẹrúùnù, gbé Aurion jáde ní ọdún 2016, géèmù ìjà tí ìtàn Áfíríkà wà nínú rẹ̀, torí náà kò sí ẹni tó lè sọ pé ilẹ̀ wa kò lè ṣe é.

Ibì kan wà tí a ti gbà fún àwọn àgbà. Ẹ̀jẹ̀ kọ́ ló ń tà á, àmọ́ ẹ̀jẹ̀ wà nínú púpọ̀ rẹ̀, onílé géèmù kò sì gbọdọ̀ ṣe bí ẹni tí kò mọ̀. Lẹ́tà M tó wà lára páálí God of War túmọ̀ sí ọdún 17 sókè. T tó wà lára Dynasty Warriors, ọdún 13 sókè ni. Kí ẹ to àwọn M sórí pẹpẹ òkè lẹ́yìn káńtà, kí ẹ má sì fi sí ẹ̀rọ tó kọjú sí ìta láàárín aago 2 sí 6 ọ̀sán, nígbà tí àwọn ọmọ ilé-ìwé ń kọjá. Bọ́ọ̀lù ni kó wà lórí ìyẹn.

Àwa ni tiyín,
Àwọn onílé géèmù àti àwọn tó ń tún pádì ṣe,
Abẹ́òkúta.