Ìkéde fún Ẹ̀yin Tí Ẹ Ń Ya Fíìmù Lórí Kodíìnì àti Tramadol

Ẹ̀yin èèyàn wa, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gba ìyọ̀ǹda láti ya fíìmù lọ́wọ́ ẹni tí oògùn ṣì wà lójú rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ojú rẹ̀ dá, kí ẹ tún bi í lọ́jọ́ kejì.

Ẹni tó bá fẹ́ fara pamọ́, ẹ jẹ́ kó kẹ̀yìn sí fèrèsé, kí ojú rẹ̀ ṣókùnkùn látinú kámẹ́rà gan-an. Tó bá jẹ́ lórí kọ̀ǹpútà lẹ bò ó, ojú rẹ̀ ṣì wà nínú fáìlì àkọ́kọ́. Àpá ọwọ́ àti òrùka náà máa ń tú àṣírí.

Ẹ má fi iye hóró oògùn tí wọ́n ń lò hàn.

Bí ẹnì kan bá sùn tí kò ṣeé jí, tí èémí rẹ̀ ń falẹ̀, ẹ pa kámẹ́rà, ẹ fẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lélẹ̀, ẹ wá dókítà kíákíá.

Àṣẹ tí ìjọba Nàìjíríà pa ní May 2018 de omi ikọ́ oníkodíìnì nìkan; ẹ má ka Tramadol mọ́ ọn.