Lẹ́tà sí ẹ̀yin ọmọ tó ń kọ́ nípa ìbáṣepọ̀ orílẹ̀-èdè

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Ẹ kú iṣẹ́ ìwé o, ẹ kú ìtiraka. Ọ̀rọ̀ kan ni mo fẹ́ bá yín sọ kí ẹ tó rìn jìnnà nínú ẹ̀kọ́ International Relations: tíọ́rì kì í ṣe ẹ̀sìn. Ẹ má gba realism, ìyẹn èrò pé agbára ló ń darí bí àwọn orílẹ̀-èdè ṣe ń hùwà sí ara wọn, bí ẹni gba ìrìbọmi, kí ẹ wá máa gbèjà rẹ̀ kiri. Ìbéèrè ni tíọ́rì ń kọ́ wa láti bi ìṣẹ̀lẹ̀. Bí ìṣẹ̀lẹ̀ bá dáhùn lódì sí ohun tí ẹ ń retí, ẹ gbà pé ó dáhùn lódì, kí ẹ sì wádìí ìdí rẹ̀.

Ibi tí ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ ti ń kùnà nìyẹn. Wọ́n á to orúkọ àwọn onímọ̀ bíi Morgenthau, Waltz, Keohane àti Wendt sílẹ̀ bí ẹni ń ki oríkì, wọ́n á kọ “gẹ́gẹ́ bí àwọn realist ti wí” sí ìbẹ̀rẹ̀ ìpínrọ̀ mẹ́fà, a ò sì ní rí ìṣẹ̀lẹ̀ kan ṣoṣo tí wọ́n yẹ̀ wò dé gbòǹgbò. Irú ìwé bẹ́ẹ̀ kò kọ́ ẹni tó kọ ọ́, kò sì kọ́ ẹni tó kà á.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ tún ọ̀rọ̀ díẹ̀ ṣe. Bí ìwé bá kọ state, ọkàn yín lè sáré lọ sí ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun tàbí Oǹdó. Kì í ṣe èyí. Àdéhùn Montevideo ti ọdún 1933 ka ohun mẹ́rin tó ń sọ ibì kan di state: àwọn ènìyàn tó fi ibẹ̀ ṣe ibùgbé, ilẹ̀ tó ní ààlà, ìjọba, àti agbára láti bá àwọn state mìíràn ní àjọṣepọ̀. Ọ̀ṣun ní mẹ́ta àkọ́kọ́, kò ní ìkẹrin, nítorí kò lè rán áńbásádọ̀ lọ sí ibikíbi lórúkọ ara rẹ̀. Nation tún yàtọ̀: àwọn ènìyàn tó gbà pé ọ̀kan ni àwọn ni. Ọdún 1889 ni Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fọwọ́ sí àdéhùn ààlà tó mú kí Kétu àti Ṣábẹ̀ẹ́ wà ní orílẹ̀-èdè Benin lónìí, nígbà tí Ìmẹ̀kọ wà ní Nàìjíríà. Nation kan ni Yorùbá, àmọ́ ó wà nínú state tó ju ẹyọ kan lọ. Ìjọba náà ò jọ méjèèjì. Àwọn ológun lè gba ìjọba lóru, kí state ṣì wà níbẹ̀ nígbà tí ilẹ̀ bá mọ́, pẹ̀lú gbèsè rẹ̀ àti àwọn àdéhùn tó ti fọwọ́ sí. “Orílẹ̀-èdè” tí à ń lò ní èdè wa gba state àti nation mọ́ra pọ̀, nítorí náà ẹ máa ṣọ́ra nígbà tí ẹ bá ń rò ó ní Yorùbá tí ẹ sì ń kọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì.

Ọ̀rọ̀ kejì tó ń ṣini lọ́nà ni anarchy. Ẹ má pè é ní rúkèrúdò. Ohun tó túmọ̀ sí nínú ẹ̀kọ́ yìí ni pé kò sí ọba lórí àwọn ọba. Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé kì í ṣe ọba náà. Ọmọ ẹgbẹ́ 15 ló wà nínú Ìgbìmọ̀ Ààbò rẹ̀, ìbò 9 ni ìpinnu ń fẹ́, bí ọ̀rọ̀ bá sì ti kọjá ìlànà ìpàdé lásán, ẹnikẹ́ni nínú Amẹ́ríkà, Ṣáínà, Rọ́ṣíà, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì lè dá a dúró pẹ̀lú ìbò rẹ̀ nìkan.

Bí èyí bá ṣòro láti rí, ẹ wo ilẹ̀ Yorùbá lẹ́yìn tí Ọ̀yọ́ Ilé tú. Kò sí ẹni tó lè pàṣẹ fún gbogbo ìlú mọ́. Ìbàdàn dìde, ó lé Ìlọrin sẹ́yìn ní Òṣogbo ní nǹkan bí ọdún 1840, ó fọ́ Ìjàyè ní 1862, àwọn ajẹ́lẹ̀ rẹ̀ sì ń pàṣẹ káàkiri Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà. Kí ni àwọn yòókù ṣe? Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà parapọ̀, Ògèdèǹgbé ṣáájú ogun wọn, Ìlọrin, Ẹ̀gbá àti Ìjẹ̀bú sì dojú kọ Ìbàdàn láti ọ̀nà tiwọn. Kì í ṣe ìfẹ́ ló so Ìlọrin pọ̀ mọ́ Ìjẹ̀ṣà. Ẹ̀rù agbára ẹnì kan tó ń ga ju ti gbogbo wọn lọ ni. Ohun tí ìwé ń pè ní balance of power gan-an nìyẹn, ẹ ò sì nílò láti lọ sí Yúróòpù kí ẹ tó rí i. Ẹ tún kíyè sí i pé àìsí ọba lórí àwọn ọba kò pa òfin rẹ́ pátápátá: ońṣẹ́ ń lọ, àrokò ń bọ̀, wọ́n sì fọwọ́ sí ìwé àlàáfíà ní ọjọ́ 23, oṣù kẹsàn-án, ọdún 1886, nígbà tí ìjọba Èkó tó wà lábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì wọ àárín wọn. Ẹ̀kọ́ tí wọ́n ń pè ní English School dúró lórí kókó yìí, pé àwọn tí kò ní ọ̀gá lè ní àwùjọ.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká mú Bakassi, nítorí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yìí lè dán gbogbo tíọ́rì wò.

Ilẹ̀ ẹrọ̀fọ̀ tó yọ sínú òkun lẹ́gbẹ̀ẹ́ Calabar ni, àwọn apẹja sì ni ó pọ̀ jù níbẹ̀. Ní ọjọ́ 10, oṣù kẹsàn-án, ọdún 1884, àwọn ọba àti ìjòyè Calabar bá Gẹ̀ẹ́sì ṣe àdéhùn ààbò. Ní ọjọ́ 11, oṣù kẹta, ọdún 1913, Gẹ̀ẹ́sì àti Jámánì, tó ń ṣàkóso Kamẹrúùn nígbà náà, fọwọ́ sí ààlà tó fi Bakassi sí ọwọ́ Jámánì. Ní ọjọ́ 29, oṣù kẹta, ọdún 1994, Kamẹrúùn gbé Nàìjíríà lọ sí Ilé-ẹjọ́ Àgbáyé ní The Hague. Ẹ má ṣì í mú fún ICC tó ń dá ẹjọ́ ọ̀daràn: ICJ ni èyí, state nìkan ló ń pe ara wọn lẹ́jọ́ níbẹ̀, àfi kí àwọn méjèèjì sì ti gbà pé kí ó dá ẹjọ́ náà. Nàìjíríà ti gbà láti 1965. Kamẹrúùn gbà ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kẹta ọdún 1994, kò sì pé oṣù kan lẹ́yìn náà tó fi pẹjọ́. Nàìjíríà ta ko agbára ilé-ẹjọ́ lọ́nà mẹ́jọ, ó sì kùnà lórí èyí tó pọ̀ jù. Ìdájọ́ jáde ní ọjọ́ 10, oṣù kẹwàá, ọdún 2002. Adájọ́ 13 ní Kamẹrúùn ló ni Bakassi, 3 ní rárá. Ọmọọba Bọ́lá Ajíbọ́lá, tí Nàìjíríà yàn fún ẹjọ́ náà, wà nínú àwọn mẹ́ta.

Ìjọba Nàìjíríà kọ́kọ́ ta kú. Àmọ́ ní ọjọ́ 12, oṣù kẹfà, ọdún 2006, Obasanjo, ààrẹ Nàìjíríà nígbà náà, àti Biya, ààrẹ Kamẹrúùn, fọwọ́ sí àdéhùn Greentree ní New York lójú Kofi Annan, akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé nígbà náà: kí ọmọ ogun Nàìjíríà kúrò láàárín ọjọ́ 60, tí a lè fi 30 kún, kí apá kan ilẹ̀ náà sì wà lábẹ́ ètò pàtàkì fún ìgbà díẹ̀. Ọjọ́ 14, oṣù kẹjọ, ọdún 2008 ni wọ́n fa ìyókù lé Kamẹrúùn lọ́wọ́, ètò pàtàkì náà sì parí ní 2013.

Ìbéèrè rèé. Ọmọ ogun Nàìjíríà pọ̀ ju ti Kamẹrúùn lọ dáadáa, wọ́n sì ti wà lórí ilẹ̀ náà. Òkun tó yí i ká jẹ́ ibi epo. Àwọn tó ń gbé ibẹ̀ ń pe ara wọn ní ọmọ Nàìjíríà. Kí ló dé tó fi kúrò?

Realism tí ẹni tó ń kánjú kọ́ yóò sọ pé kò yẹ kó kúrò. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ má bo àṣìṣe náà. Lẹ́yìn náà, ẹ wo ohun tí realist tó mọṣẹ́ yóò bi yín: ogun yóò ti ná Nàìjíríà ní èló? Ta ló wà lẹ́yìn Kamẹrúùn? Faransé ní àdéhùn ológun pẹ̀lú rẹ̀, ó sì ní ìjókòó títí nínú Ìgbìmọ̀ Ààbò, níbi tí Article 94 ìwé àdéhùn Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ti gba ẹni tó jàre láàyè láti gbé ìdájọ́ tí ẹnìkejì kò tẹ̀ lé lọ. Àlàyé tó nítumọ̀ nìyẹn. Ewu rẹ̀ ni pé bí Nàìjíríà bá dúró, ẹ ó sọ pé agbára ni. Bó bá kúrò, ẹ ó tún sọ pé agbára ni. Tíọ́rì tó ń jàre lọ́nàkọnà kò tíì sọ nǹkan kan. Nítorí náà, kí ẹ tó wá ẹ̀rí, ẹ kọ ohun tí yóò jẹ́ kí ẹ gbà pé ó kùnà.

Liberalism, ìyẹn èrò pé àwọn orílẹ̀-èdè lè fọwọ́ sowọ́ pọ̀ nípasẹ̀ àjọ, tí kì í ṣe ti àwọn olóṣèlú tó ń pe ara wọn ní liberal, yóò tọ́ka sí àwọn àjọ. Keohane àti Nye ṣàlàyé ní 1977 pé okùn tó so àwọn orílẹ̀-èdè pọ̀ ju ti ológun lọ. Ẹ wo ohun tí àjọ ṣe nínú ọ̀rọ̀ yìí: ìgbìmọ̀ àjùmọ̀ṣe tí aṣojú Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé jẹ́ alága rẹ̀, tó ń pàdé ní Abuja àti Yaoundé, pín ìdájọ́ kan tó burú jáì lójú ará ilé sí ìgbésẹ̀ kéékèèké tí ààrẹ kan lè gbé láìṣubú. Ọjọ́ 60 yẹn wúlò ju ọ̀rọ̀ àlàáfíà gbogboogbò lọ, nítorí ẹnikẹ́ni lè kà á kó sì mọ̀ bóyá wọ́n yẹ àdéhùn.

Constructivism, ìyẹn èrò pé ohun tí state gbà gbọ́ nípa ara rẹ̀ ló ń darí ìwà rẹ̀, tí Wendt sọ di ọ̀rọ̀ gbogbo ilé ìwé láti 1992, béèrè irú ẹni tí Nàìjíríà rò pé òun jẹ́. Ní Cairo ní 1964, àwọn olórí Áfíríkà fẹnu kò pé ààlà tí àwọn òyìnbó fi sílẹ̀ ni kí gbogbo wọn máa bọ̀wọ̀ fún. Orílẹ̀-èdè tó ń pe ara rẹ̀ ní ẹ̀gbọ́n Áfíríkà, tó sì ti ja ogun abẹ́lé kí ààlà rẹ̀ má bàa fọ́, yóò ṣòro fún un láti tẹ ìlànà náà mọ́lẹ̀. Àmọ́ ẹ̀rí ni kí ẹ fi gbè é: ohun tí àwọn aláṣẹ sọ ṣáájú ìdájọ́, kì í ṣe lẹ́yìn tí wọ́n ti gbà tán. Obasanjo àti Biya pàdé Annan ní Paris ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2002, kí ìdájọ́ tó jáde. Ibẹ̀ ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀ sí kà.

Ibi tó dùn mí jù nínú ọ̀rọ̀ yìí ni àwọn tó ń wo ayé láti ojú ẹni tí amúnisìn jẹ gàba lé lórí ti rí i. Nàìjíríà sọ níwájú ilé-ẹjọ́ pé àwọn ọba Calabar ló ni ilẹ̀, pé ààbò ni wọ́n gbà lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì ní 1884, Gẹ̀ẹ́sì kò sì lè fún Jámánì ní ohun tí kì í ṣe tirẹ̀. Ilé-ẹjọ́ kọ̀. Ó ní ní agbègbè yẹn nígbà náà, wọn kò ka àwọn aláṣẹ ìbílẹ̀ sí state. Ẹ padà sí ohun mẹ́rin Montevideo tí a kà lẹ́ẹ̀kan. Àwọn ọba yẹn ní ènìyàn, wọ́n ní ilẹ̀, wọ́n ní ìjọba, wọ́n sì fọwọ́ sí àdéhùn pẹ̀lú òyìnbó. Ta ló pinnu ẹni tí a ó kà sí state? Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá fojú fo ìbéèrè yìí yóò ṣì rò pé ọ̀rọ̀ ìtumọ̀ lásán ni orí kìn-ín-ní ìwé rẹ̀.

Waltz tún kọ́ wa ní 1959 láti máa wo ìpele mẹ́ta: ènìyàn, state, àti bí ayé ṣe tò. Lórí Bakassi, Obasanjo fúnra rẹ̀ ni ti àkọ́kọ́. Ìkejì ni Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà, tó fi ẹ̀hónú hàn ní 2007 pé wọn kò gbé àdéhùn náà wá síwájú àwọn, nítorí abala 12 òfin Nàìjíríà ní àdéhùn kò ní agbára òfin nínú ilé bí aṣòfin kò bá sọ ọ́ di òfin. Ẹ má fi ìpele kan dáhùn ìbéèrè ìpele mìíràn. Ìwà ààrẹ kan kò lè ṣàlàyé ohun tí ààrẹ mẹ́ta ṣe tẹ̀ lé ara wọn.

Ọ̀rọ̀ kan kù tó ń dà yín láàmú nínú ìdánwò. Deterrence ni kí o kìlọ̀ fún ẹnìkan pé kó má ṣe nǹkan. Compellence ni kí o fipá mú un tú ohun tó ti ṣe, ó sì le jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí ojú rẹ̀ ni yóò ti tì í. Ní ọjọ́ 30, oṣù keje, ọdún 2023, ECOWAS, àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, fún àwọn ológun Niger ní ọ̀sẹ̀ kan láti dá Bazoum, ààrẹ tí wọ́n gba ìjọba lọ́wọ́ rẹ̀, padà. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó pé, àwọn aṣòfin àgbà Nàìjíríà ti ní kí wọ́n wá ọ̀nà mìíràn yàtọ̀ sí ogun. Ẹni tí à ń halẹ̀ mọ́ gbọ́ ohun tí ará ilé wa sọ. Ọ̀sẹ̀ náà kọjá, kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀, Niger, Mali àti Burkina Faso sì fi ECOWAS sílẹ̀ ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2025.

Nígbà tí ẹ bá fẹ́ kọ iṣẹ́ tiyín, ìwé àdéhùn tàbí ìdájọ́ fúnra rẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ kà, kí ẹ tó ka ohun tí ẹlòmíràn sọ nípa rẹ̀. Ẹ kọ ọjọ́ gbogbo ìṣẹ̀lẹ̀ sí ojú ìwé kan ṣoṣo. Tíọ́rì méjì tó, wọn kò gbọdọ̀ ju mẹ́ta lọ, ẹ sì kọ ohun tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń retí sí gbólóhùn kan kí ẹ tó ṣí ẹ̀rí. Bí méjèèjì bá ń retí ohun kan náà, ìṣẹ̀lẹ̀ yẹn kò lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Ẹ wá òmíràn.

Ẹ fi èyí bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ 7, oṣù keje, ọdún 2019, Nàìjíríà fọwọ́ sí àdéhùn ọjà kan ṣoṣo fún Áfíríkà ní Niamey. Ní oṣù kẹjọ ọdún kan náà, ó ti ẹnubodè ilẹ̀ rẹ̀ mọ́ ọjà, Sẹ̀mẹ̀ wà lára wọn, kò sì ṣí i títí di oṣù kejìlá ọdún 2020. Ìpele wo ló ṣàlàyé rẹ̀? Ẹ kọ ohun tí ẹ ń retí sílẹ̀ kí ẹ tó ka ìwé ìròyìn kankan.

Èmi ni, àgbà yín tó ń retí iṣẹ́ yín.