Sí ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ fẹ́ di olùdarí fíìmù

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú làálàá. Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ mí lọ́kàn. Mo ń gbọ́ tí àwọn kan nínú yín ń sọ pé eré tẹlifíṣọ̀n kò tó àwọn ṣe, pé sinimá ńlá làwọn ń dúró dè. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fara balẹ̀ kí n sọ̀rọ̀ olùdarí fíìmù ará Jámánì kan fún yín, Wolfgang Petersen.

Emden ni wọ́n bí i sí ní 1941. Ó ṣiṣẹ́ tíátà ní Hamburg, ó kọ́ iṣẹ́ fíìmù ní Berlin, tẹlifíṣọ̀n ló sì kọ́kọ́ fún un ní oúnjẹ jẹ. Àwọn ará Jámánì ní eré ọlọ́pàá kan tó ń jẹ́ Tatort. Láti 1970 ni wọ́n ti ń ṣe é, wọn ò sì tíì dáwọ́ dúró. Petersen darí mẹ́fà nínú rẹ̀ láàárín 1971 sí 1977. Nínú èyí tó ṣe ní 1973, ọ̀dọ́mọkùnrin òṣèré kan wà níbẹ̀, Jürgen Prochnow. Klaus Doldinger ló sì ṣe orin tí wọ́n fi ń ṣí Tatort.

Ẹ fi orúkọ méjèèjì yẹn sọ́kàn. Nígbà tí Petersen ṣe Das Boot ní 1981, fíìmù nípa ọkọ̀ ogun abẹ́ omi Jámánì kan nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, Prochnow ni ọ̀gá ọkọ̀, Doldinger ló ṣe orin.

Ẹ wá inú ọkọ̀ abẹ́ omi yẹn pẹ̀lú mi. Ó há débi pé ẹni tó bá fẹ́ kọjá ní láti fara gbún ẹlòmíì. Jost Vacano, tó ń ya àwòrán, ṣe kámẹ́rà kékeré kan tó ṣeé fọwọ́ gbé, ó so ohun tí kì í jẹ́ kó gbọ̀n mọ́ ọn. Ó di tìmùtìmù mọ́ra kó má baà ṣèṣe, ó wá ń sá tẹ̀lé àwọn òṣèré gba ojú ihò tóóró. Wọn ò jẹ́ kí àwọn òṣèré yá oòrùn, kí ojú wọn lè ṣá bíi ti ẹni tó ti pẹ́ lábẹ́ omi. Bí ìtàn ṣe tò tẹ̀léra ni wọ́n ṣe yà á, tí irùngbọ̀n wọn fi ń kún díẹ̀díẹ̀ lójú wa. Ẹ̀rù àwọn ọmọ wẹ́wẹ́ tí wọ́n kó lọ sógun ni mo rí níbẹ̀, mi ò rí ìyìn ogun kankan.

Lójú tèmi, ẹni tí tẹlifíṣọ̀n ti kọ́ láti fi owó kékeré àti àyè híhá ṣiṣẹ́ ló lè ní irú sùúrù bẹ́ẹ̀. Ìgbà mẹ́fà ni wọ́n dárúkọ fíìmù náà fún ẹ̀bùn Oscar, méjì nínú rẹ̀ jẹ́ ti Petersen fúnra rẹ̀. Kò gba ọ̀kan, àmọ́ Amẹ́ríkà ránṣẹ́ pè é. Ó darí òṣèré Clint Eastwood nínú fíìmù kan ní 1993, ó darí òṣèré Harrison Ford nínú òmíràn ní 1997, ó ṣe fíìmù Troy ní 2004.

Ọjọ́ tó burú náà dé. Fíìmù rẹ̀ ti 2006, Poseidon, kò mú èrè wá, ọdún mẹ́wàá gbáko sì kọjá kí ó tó tún ṣe fíìmù mìíràn. Ẹ mọ ibi tó padà sí? Jámánì ni. Ó mú Vier gegen die Bank, ìtàn tó ti ṣe fún tẹlifíṣọ̀n ní 1976, ó tún un ṣe fún sinimá ní 2016. Ẹni ọdún márùndínlọ́gọ́rin ni nígbà náà, òun sì ni fíìmù tó ṣe kẹ́yìn kí ó tó dákẹ́ ní 2022.